Ẹ̀dá olú inú ìtàn mi kò yàtọ̀ sí èèyàn tó dé fìlà: ẹ bá mi dá sí i

Akọ̀wéOru | Ọjọ́ Ajé, 8:12 alẹ́

Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin ará ilé. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín níbí, àmọ́ ìgbà àkọ́kọ́ tí èmi fúnra mi máa la ẹnu nìyí.

Mò ń kọ ìtàn àròsọ kan. Ilẹ̀ Ìrọ̀lẹ́ ni mo pe ibi tó ti ṣẹlẹ̀. Oòrùn ibẹ̀ fẹ̀yìn ti ìwọ̀-oòrùn láti ayébáyé, kò wọ̀, kò sì padà sókè. Ìgbà gbogbo ló ń dà bí agogo méje alẹ́ ku díẹ̀. Koríko kì í fi bẹ́ẹ̀ hù níbẹ̀, olú ló gbòde. Olú tó ga ju ilé lọ wà, olú tó ń tàn bí àtùpà wà, àwọn ẹ̀dá kan sì wà tí mo pè ní Ènìyàn-Olú. Wọ́n ní ẹsẹ̀ méjì, ọwọ́ méjì, akẹtẹ̀ olú sì wà lórí wọn. Wọ́n ní ọba, wọ́n ń ná ọjà, wọ́n sì ń bá àwọn ọdẹ ìlú Ìdígba jà nítorí ilẹ̀.

Mo ka orí mẹ́ta àkọ́kọ́ fún àwọn tí a jọ ń kọ̀wé. Ọ̀kan nínú wọn ní, "Èyí kì í ṣe olú o, èèyàn tó dé fìlà ni." Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Mo bá wọn rẹ́rìn-ín, àmọ́ nígbà tí mo délé, n kò rí oorun sùn, nítorí òótọ́ ni. Bí mo bá ṣí fìlà yẹn kúrò lórí wọn, kò sí nǹkan kan nínú ìtàn náà tó máa yí padà.

Báwo ni ẹ̀dá tó jẹ́ olú lóòótọ́ ṣe máa rìn? Kí ló máa jẹ? Ṣé ó gbọ́n? Báwo lèèyàn ṣe lè pa á? Ẹ má wulẹ̀ pọ́n mi lé, ẹ sọ ojú abẹ níkòó.

Ṣàkì_Boy | Ọjọ́ Ajé, 8:20 alẹ́

Fìlà wo ni wọ́n dé? Abetí-ajá àbí gọ̀bì? Ìdáhùn yín ló máa jẹ́ ká mọ̀ bóyá ọmọ Yorùbá ni wọ́n.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ajé, 9:03 alẹ́

Ẹ káàbọ̀, Akọ̀wéOru. Ó ti lé ní ogún ọdún tí mo ti ń kọ́ àwọn ọmọ ní bàọ́lọ́jì, nítorí náà, ẹ bá mi fara da gígùn ọ̀rọ̀.

Ìsàlẹ̀ ni ká ti bẹ̀rẹ̀, torí ìsàlẹ̀ ni olú wà. Ohun tí à ń já sínú agbọ̀n, tí à ń fi se ọbẹ̀, kì í ṣe ara olú, èso rẹ̀ ni, bí máńgòrò ṣe jẹ́ èso igi. "Igi" rẹ̀ wà nínú ilẹ̀ tàbí nínú ìtì tó ń jẹrà: fọ́nrán funfun tó tín-ín-rín, tó nà kiri bí àwọ̀n. Èso lè yọ lónìí kó rà lọ́la, fọ́nrán yẹn ò mira. Nínú igbó Malheur ní ìpínlẹ̀ Oregon, Amẹ́ríkà, ẹyọ olú kan ṣoṣo wà tí fọ́nrán rẹ̀ gba nǹkan bíi hẹ́kítà 965. Àwọn onímọ̀ fojú bù ú pé ó kéré tán, ó ti lo ọdún 2,400 láyé. Ẹyọ kan o. Ẹni tó bá ń rìn nínú igbó yẹn á rò pé igi ló pọ̀ níbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ oúnjẹ ńkọ́? Àwa máa ń gbé oúnjẹ mì kó tó dà nínú wa. Ti olú ò rí bẹ́ẹ̀. Ìta ara rẹ̀ ni oúnjẹ rẹ̀ ti ń dà: á tú omi kan sára igi, igi á rọ̀, òun á wá fa omi ara igi náà mu. Kò ní ẹnu, kò ní ikùn. Inú ohun tó ń jẹ gan-an ló ń gbé. Ẹ fi èyí sọ́kàn kí ẹ tó fún un ní ọjà tó ń ná.

Ẹ má sì pè é ní ewéko. Olú sún mọ́ ẹranko ju ewéko lọ. Ohun tí wọ́n ń pè ní chitin, tó mú kí èèpo ẹ̀yìn akàn àti ara èèrà le, òun náà ló wà lára olú.

Ibi tí ìtàn yín ti mẹ́hẹ lójú mi nìyí: bí oòrùn ò bá ràn dáadáa, igi ò ní hù. Bí igi ò bá hù, kí ni olú ń jẹ? Olú kì í dá oúnjẹ ṣe fúnra rẹ̀. Ohun tó ti kú tàbí tó ń kú lọ ni ọ̀pọ̀ olú ń jẹ. Ta ló ń kú ní Ilẹ̀ Ìrọ̀lẹ́?

Ayò_Ọlọ́pọ́n | Ọjọ́ Ajé, 9:41 alẹ́

Ẹ ṣeun, Tíṣà, àmọ́ ẹ má jẹ́ kí sáyẹ́ǹsì gba ìtàn mọ́ ẹni tó ni ín lọ́wọ́. Èmi máa ń ṣe eré orí tábìlì, irú èyí tí à ń fi dáìsì àti ìtàn ta. Àwọn tó ń ta eré mi ń fẹ́ nǹkan tí wọ́n máa bá jà. Ta ló fẹ́ bá hẹ́kítà 965 jà?

Ṣùgbọ́n mo rí nǹkan dì mú nínú ọ̀rọ̀ yín. Bí ohun tó ń rìn lókè bá jẹ́ èso lásán, á jẹ́ pé nígbà tí jagunjagun bá fa idà yọ tó bẹ́ orí rẹ̀, kò pa ẹnikẹ́ni. Ó ká èso ni. Ojú mi ti ń rí i: àwọn ọmọ ogun Ìdígba ń bọ̀ wálé pẹ̀lú ìlù, wọ́n ru ogójì orí olú lé èjìká, wọ́n ní àwọn ti ṣẹ́gun. Lẹ́búlẹ́bú inú orí wọ̀nyẹn, tó jẹ́ irúgbìn olú, sì ń dà sílẹ̀ láti ẹnubodè títí dé ààfin. Àwọn fúnra wọn ni wọ́n gbìn ín sí àárín ìlú.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́ Ajé, 10:15 alẹ́

Ẹ̀gbọ́n Ayò, mo ti jí ìyẹn. Ẹ má bínú, ó ti di orí kẹrin.

Tíṣà, ìbéèrè yín gbá mi létí. Mi ò rò ó rí. Mo lọ wo àwòrán ilẹ̀ tí mo yà, odò kan wà níbẹ̀ tí mo sọ ní Agbérù kìkì nítorí pé orúkọ náà dùn lẹ́nu mi. Ilẹ̀ tí oòrùn ti ń ràn ló ti ń ṣàn wá. Bí mo bá ní ìkún omi rẹ̀ lọ́dọọdún ló ń gbé igi tó wó, òkú ẹran, ewé, koríko àti àwọn nǹkan mìíràn (!) wá dà sí Ilẹ̀ Ìrọ̀lẹ́ ńkọ́? Á jẹ́ pé ikú àwọn ará òkè odò ni gbogbo ilẹ̀ náà fi ń yó.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ajé, 10:29 alẹ́

Ó bá a mu. Irú rẹ̀ wà láyé tiwa náà: nínú ihò àpáta tí ìmọ́lẹ̀ kì í dé, ohun tí omi gbé wọlé àti ìgbẹ́ àdán ni ọ̀pọ̀ ẹ̀dá ibẹ̀ gbójú lé.

Ẹ sì ti rí ìdí ìjà nìyẹn. Kì í ṣe nítorí ilẹ̀ mọ́. Ẹ jẹ́ kí àwọn ará òkè odò mọ odi dí Agbérù. Ebi á pa ohun tó wà nísàlẹ̀, á sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá oúnjẹ lọ.

ỌmọỌdẹ_Òkè | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 6:34 àárọ̀

Ẹ kú àárọ̀. Mi ò lè sùn mọ́ lẹ́yìn tí mo ka ọ̀rọ̀ yìí.

Bàbá mi ṣọdẹ títí ojú fi kọ̀ ọ́. Nígbà tí mo wà ní ọmọ ọdún mọ́kànlá, ó mú mi dání lọ wá ẹtu kan tó yìnbọn lù lálẹ́ àná tó sì sá lọ. A tọ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ títí ẹ̀jẹ̀ fi dá. Nígbà tó yá, òórùn òkú ẹran gba imú wa. Mo ní, "Baba, òun nìyẹn!" Mo ṣáájú. A gba inú ẹ̀gún, a gba inú àbàtà, nígbà tí a débẹ̀, kò sí ẹtu. Olú kan ló dá dúró síbẹ̀, ó pọ́n, kò ju ìka ọwọ́ lọ, eṣinṣin bò ó. Bàbá mi rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Ó ní, "Akúfọ́dẹwá ti mú ọ."

Orúkọ náà ń sọ ara rẹ̀: kú, fún, ọdẹ, wá. Òórùn rẹ̀ ni òórùn ẹran tó kú tí ọdẹ ń wá kiri. B. A. Oso, onímọ̀ tó kọ nípa olú ilẹ̀ Yorùbá, ti kọ̀wé nípa rẹ̀ ní 1976. Ó wà ní àkọsílẹ̀ pé àwọn ọdẹ máa ń fi í kún oògùn tí kì í jẹ́ kí ojú tètè tó wọn nígbà ewu. Ohun tó fi ara rẹ̀ pe ọdẹ ni ọdẹ tún ń fi pa ara rẹ̀ mọ́.

Akọ̀wéOru, ohun tí mo fẹ́ kí o rí nínú rẹ̀ nìyí. Olú yẹn kò bá ọdẹ ṣọ̀tá. Kò mọ̀ pé ọdẹ wà láyé. Eṣinṣin ló ń pè, kí eṣinṣin lè jẹ lára rẹ̀ kó sì gbé irúgbìn rẹ̀ lọ síbòmíràn. Èmi àti bàbá mi kàn gbọ́ ìpè tí kì í ṣe tiwa ni. Àwọn Ènìyàn-Olú rẹ ń bínú, wọ́n ń gbógun, wọ́n ní ọba. Fún tèmi o, yọ ìbínú yẹn kúrò.

Kétu_lọmọ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 7:55 àárọ̀

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má jù mí lókò. Mo ń gbé ní ìhà Benin níbí, ilé ìyá mi kò jìnnà sí igbó, a sì ní ìtàn iwin, ẹbọra, egbére tó pọ̀ ju irun orí lọ. Kí ló dé tí a fi ní láti lọ mú olú tó ń rìn? Ara nǹkan tí àwọn eré kọ̀ǹpútà òyìnbó kó wá nìyẹn. Ẹ fún ọmọ yìí ní iwin kan tó ń gbé inú olú, ọ̀rọ̀ parí.

ỌmọỌdẹ_Òkè | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8:10 àárọ̀

> Kétu_lọmọ kọ pé: Ẹ fún ọmọ yìí ní iwin kan tó ń gbé inú olú

Iwin á bá ọ sọ̀rọ̀. Wàá pè é lóríkì, wàá rúbọ, wàá bẹ̀ ẹ́, ó lè gbà, ó lè kọ̀. Ohun tí à ń sọ níbí ò gbọ́ ẹ̀bẹ̀. Bí o bá fi iwin sí i, o ti fún ọdẹ ní ọ̀nà àbáyọ.

Kétu_lọmọ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8:31 àárọ̀

Mo gbọ́. Àmọ́ ẹ jẹ́ kí àwọn ará Ìdígba máa rúbọ sí i náà. Èèyàn ò ní ṣe kó má gbìyànjú. Kí wọ́n rúbọ, kí olú jẹ ẹbọ náà nítorí pé oúnjẹ ni, kí wọ́n wá rò pé ẹbọ ti fín.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8:40 àárọ̀

Ẹ̀yin èèyàn yìí burú o. Mo ń kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀.

Ìyá_Ẹlẹ́lùbọ́ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11:20 àárọ̀

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọmọ mi. Èmi ò mọ ìtàn kọ, kíkà ni tèmi. Èlùbọ́ ni mo ń tà, èlùbọ́ sì ti kọ́ mi lẹ́kọ̀ọ́ nípa nǹkan tó ń bu.

Bí a bá ti bó iṣu, tí a bọ̀ ọ́, tí a sá a, tí òjò wá fi ọjọ́ mẹ́ta rọ̀ láìdá, ẹ ò ní rí ìgbà tó bẹ̀rẹ̀. Ẹ ò ní gbọ́ ìró. Ẹ á kàn jí lọ́jọ́ kan, ẹ á rí àwọ̀ ewé lára ẹyọ kan. Àwọn aṣiwèrè oníṣòwò á gé apá ibẹ̀ sọnù, wọn á lọ ìyókù. Ṣùgbọ́n ìyókù ti bu tipẹ́, ojú wọn ni kò tíì tó o. Ohun tí mo máa sọ fún ọmọ yìí nìyẹn: má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni nínú ìtàn rẹ rí i nígbà tó ń wọlé. Ọjọ́ tí wọ́n bá rí i, ó ti gbó nílé.

Oko kókó ni wọ́n ti tọ́ mi. Lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀, olú máa ń yọ lórí ilé ikán, funfun báláú, a ó sáré lọ já a. Ìyá àgbà kì í jẹ́ ká gbẹ́ ilé ikán náà. Ó ní ẹni tó bá gbẹ́ ẹ ti pa oko onílé. Mo rò pé ìtàn ló ń pa fún wa.

Bàbá wa tún máa ń da oògùn kan, ó rí búlúù, ó ń fọ́n ọn sára kókó kí pódì má bàa dúdú. Ọwọ́ rẹ̀ kì í ṣí nínú àwọ̀ yẹn láti ìbẹ̀rẹ̀ òjò dé ìparí. Tíṣà, kí ló wà nínú oògùn yẹn? Ó lè wúlò fún àwọn ọdẹ inú ìtàn.

Ṣàkì_Boy | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11:26 àárọ̀

Mama, ẹ jọ̀ọ́, báwo ni ẹ ṣe ń se olú orí ilé ikán yẹn? Ebi ń pa mí láti àná tí mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yìí.

Ìyá_Ẹlẹ́lùbọ́ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 11:38 àárọ̀

Fọ iyẹ̀pẹ̀ rẹ̀ dáadáa, fi ọwọ́ ya á, má fi ọ̀bẹ kàn án. Ata, àlùbọ́sà, epo pupa díẹ̀, irú. Ṣùgbọ́n bí o kò bá mọ olú, ọjà ni kí o ti rà á lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n. Má wọ inú igbó lọ já èyí tí o kò mọ̀ nítorí ebi.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 3:47 ọ̀sán

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò ní kíláàsì ni.

Mama, ìyá yín àgbà kò pa ìtàn. Oko ló wà nínú ilé ikán lóòótọ́. Ikán tí wọ́n ń pè ní Macrotermes kì í lè lọ igi tán nínú ara rẹ̀. Wọ́n á jẹ igi àti ewé gbígbẹ, wọ́n á yà á sórí ohun kan tó rí bí afárá oyin, olú inú ilé wọn á wá rọ̀ ọ́, wọ́n á padà jẹ ẹ́. Àìmọye mílíọ̀nù ọdún kí ọmọ aráyé tó mọ ọkọ́ ni wọ́n ti ń dáko yìí. Olú tí ẹ ń já lẹ́yìn òjò, ohun tó yọ láti inú oko wọn ni. Ọ̀kan wà ní Zambia tí akẹtẹ̀ rẹ̀ máa ń fẹ̀ tó mítà kan. Ẹ bi ara yín léèrè: ta ni ẹrú, ta ni olóko? Ikán ló ń kọ́lé, òun ló ń pọnmi, òun ló ń wá oúnjẹ. Olú jókòó.

Oògùn búlúù yẹn, bàbà ló wà nínú rẹ̀. Bàbà kì í jẹ́ kí àwọn nǹkan báyìí rọ́wọ́ mú. (Kí n sọ òótọ́: ohun tó ń sọ pódì kókó di dúdú jọ olú ni, kì í ṣe olú tòótọ́. Mo mọ̀ pé kò sẹ́ni tó bi mí. Àmọ́ bàbà ń pa méjèèjì.) Bàbà ló sì pọ̀ jù nínú idẹ.

Ohun kan tún wà tí mo ń fà sẹ́yìn láti àná, torí ó ń bani lẹ́rù. Olú kan wà, Ophiocordyceps, tó ń gbé ara èèrà. Á wọ inú èèrà náà, èèrà á fi ilé sílẹ̀, á gun igi kékeré, á fi eyín di iṣan abẹ́ ewé mú, á sì kú síbẹ̀. Igi olú á wá yọ láti ẹ̀yìn ọrùn rẹ̀, á máa fọ́n lẹ́búlẹ́bú sórí àwọn èèrà tó ń kọjá nísàlẹ̀. Gbogbo èèyàn ló rò pé ọpọlọ èèrà ni olú náà gbà. Ìwádìí kan jáde ní 2017: fọ́nrán náà yí gbogbo iṣan ara èèrà ká, ó so kọ́ra bí àwọ̀n, ṣùgbọ́n wọn ò bá a nínú ọpọlọ. Ẹsẹ̀ ló gbà. Ẹnu ló gbà.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 4:02 ọ̀sán

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dúró. Ṣé ẹ ń sọ pé ẹni tó wà nínú ara náà lè ṣì wà níbẹ̀?

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 4:05 ọ̀sán

Ti èèrà, mi ò mọ ohun tí èèrà ń rò. Ti ìtàn yín, ẹ̀yin lẹ ni ín.

Ayò_Ọlọ́pọ́n | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 5:18 ìrọ̀lẹ́

Ó gbọ́n nígbà náà. Ẹ ò lè sọ fún mi pé ohun tó mọ ibi tí èèrà ti máa gé ewé jẹ kò ní ọgbọ́n lórí. Mo tún kà nípa nǹkan ofeefee kan, Physarum, tí àwọn ará Japan tẹ́ ọkà oat sílẹ̀ fún bí àwọn ìlú tó yí Tokyo ká ṣe rí, tó sì na ara rẹ̀ láti ọkà sí ọkà títí ó fi jọ ọ̀nà ojú irin wọn. 2010 ni wọ́n gbé e jáde.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 5:40 ìrọ̀lẹ́

Òótọ́ ni, àmọ́ Physarum kì í ṣe olú, kì í ṣe ẹranko, kì í ṣe ewéko. Kò sì ronú. Ó na ara rẹ̀ síbi gbogbo, ó di ibi tí oúnjẹ wà mú, ó ká ìyókù kúrò. Omi náà ń mọ ọ̀nà ìsàlẹ̀, ṣé omi gbọ́n?

Ayò_Ọlọ́pọ́n | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 5:44 ìrọ̀lẹ́

Bí omi bá kọ́ ọ̀nà ojú irin, màá kí i kú ọgbọ́n.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 5:45 ìrọ̀lẹ́

A ò ní parí eléyìí lónìí.

Ṣàkì_Boy | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 7:30 alẹ́

Ẹ jẹ́ kí n fi eré kan kún un, ẹ má lé mi.

Ẹ̀dá inú ìtàn Akọ̀wéOru ò tíì ní orúkọ gidi. Ẹ wò ó, olú tí à ń jẹ àti Olú tó jẹ́ olórí, ọ̀kan náà ni lẹ́nu. Ẹ wá ronú pé ọdẹ kan dé abúlé tí nǹkan yìí ti gbà tán, ó ń béèrè orúkọ àwọn ará ibẹ̀.

Olúdé. Olú ti dé.
Olúwọlé. Olú ti wọlé.
Olúfẹ́mi. Ẹ jọ̀ọ́.
Olúkúnlé. Olú ti kún inú ilé.
Olúṣẹ́gun. Ó tán.

Ìyá_Ẹlẹ́lùbọ́ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 7:41 alẹ́

Ọmọ yìí! Olúkúnlé lorúkọ àkọ́bí mi!

Kétu_lọmọ | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 7:49 alẹ́

Mama, ẹ yẹ ẹ̀yìn ọrùn rẹ̀ wò.

Ní tòótọ́, mo gba ọ̀rọ̀ mi àárọ̀ yìí padà. Kò sí òyìnbó tó lè ro èyí. Inú èdè wa ló ti hù.

ỌmọỌdẹ_Òkè | Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 8:15 alẹ́

Àwọn orúkọ yẹn ni kó lò. Ọdẹ náà á gbọ́ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, á máa dáhùn pé "orúkọ tó dára ni," torí orúkọ tó dára ni wọ́n lóòótọ́. Bí ìgbà tí èmi gbọ́ òórùn ẹtu.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́rú, 1:37 òru

Mi ò tíì sùn. Mo ti yọ Ènìyàn-Olú kúrò, ọba wọn, ọjà wọn, gbogbo rẹ̀. Orí mẹ́ta tí mo kọ ti di ilẹ̀ẹ́lẹ̀. Ẹ ka èyí, ó ṣì tútù:

*Àjàní tẹ̀lé òórùn náà títí ó fi já sí abúlé. Kò sí iná, kò sí èéfín. Obìnrin kan jókòó sí ìdí ìkòkò aró tó ti gbẹ.*

*"Ẹ kú ilé o, ìyá."*

*"Káàbọ̀." Ètè obìnrin náà ló kọ́kọ́ mì, ohùn wá tẹ̀lé e lẹ́yìn díẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn bá ń wo ẹni tó ń la igi ní òdìkejì odò. Kò wo ojú Àjàní. Ẹ̀gbà idẹ tí ìyá rẹ̀ fi sí i lọ́wọ́ ló ń wò.*

*"Mò ń wá àbúrò mi. Àkàndé lorúkọ rẹ̀. Ó gba ibí kọjá ní ìkún omi èṣí."*

*"Kò sí Àkàndé níbí." Obìnrin náà na ọwọ́ sí ilé kìíní. "Olúwọlé ló ń gbé ibẹ̀." Ó nà án sí ìkejì. "Olúkúnlé nìyẹn."*

*"Orúkọ tó dára ni. Ẹ̀kẹta yẹn ńkọ́, èyí tí ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí sílẹ̀?"*

*Omi kan ṣàn wálẹ̀ láti ojú ọ̀tún obìnrin náà, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín.*

*"Ìyẹn ò tíì ní orúkọ," ó ní. "A ṣẹ̀ṣẹ̀ gbá ibẹ̀ ni."*

Ìyá_Ẹlẹ́lùbọ́ | Ọjọ́rú, 5:50 àárọ̀

Mo jí ka èyí kí n tó gbàdúrà. Mo ní láti lọ pe ọmọ mi lórí fóònù.

Tíṣà_Àgbà | Ọjọ́rú, 6:22 àárọ̀

Ohùn tó ń pẹ́ lẹ́yìn ètè yẹn dára púpọ̀. Omijé náà ló pa mí.

Ayò_Ọlọ́pọ́n | Ọjọ́rú, 6:58 àárọ̀

Kò sí ìjà kankan níbẹ̀, mo sì fẹ́ sá. Mo tẹríba.

ỌmọỌdẹ_Òkè | Ọjọ́rú, 7:05 àárọ̀

Ó dára gan-an, àbúrò. Ṣùgbọ́n ajá rẹ̀ dà? Kò sí ọdẹ tó máa wọ irú ibẹ̀ láìní ajá. Tí òórùn òkú ẹran bá gba inú igbó, imú ajá ló máa kọ́kọ́ gbọ́ ọ, ajá ló sì máa ṣáájú.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́rú, 7:09 àárọ̀

Ajá! Mo gbàgbé ajá pátápátá. Ẹ dúró, mò ń bọ̀.

Akọ̀wéOru | Ọjọ́rú, 7:52 àárọ̀

Mo fi èyí sí ìbẹ̀rẹ̀, kó tó rí obìnrin náà:

*Ajá rẹ̀ ti débẹ̀ ṣáájú. Ó jókòó lójú ọ̀nà, ó kọjú sí i, ó ń mi ìrù. Àjàní pè é lórúkọ. Kò dìde. Àjàní tún pè é. Ìrù náà ń mì lọ, lọ́tùn-ún, lósì, lọ́tùn-ún, lósì, kò sì yára, kò sì falẹ̀.*